Àlùfáà Tí Kò Yí Orúkọ Rẹ̀ Padà

Ìwé ìrìbọmi máa ń ní àyè fún orúkọ ọmọ, ó sì máa ń ní àyè fún orúkọ àlùfáà tó rì í bọmi. Àárín àyè méjèèjì yìí ni ọkàn mi há sí láti ìgbà tí mo ti ń kà nípa James Johnson, ẹni tí ará Èkó ń pè ní Holy Johnson. Ní ṣọ́ọ̀ṣì St. Paul's, Breadfruit, ó ń rọ àwọn òbí pé orúkọ Yorùbá ni kí wọ́n fún ọmọ wọn níbi ìrìbọmi, nítorí pé gbígba Jésù kò sọ ọmọ Ìjẹ̀bú di Òyìnbó. Ẹ wáá fojú inú wo ìwé náà. Adéṣínà, Ọmọ́túndé, Ìbídùn ń sọ̀kalẹ̀ lọ ní apá kan. Ní apá kejì, James Johnson, James Johnson, James Johnson.

Kí ló dé tí kò yí tirẹ̀ padà?

Kì í kúkú ṣe pé kò rí ẹni tó ṣe é. David Brown Vincent, oníwàásù Onítẹ̀bọmi, bọ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní 1894, ó di Mọ́jọlá Agbebí. Samuel kan di Adégbóyèga Ẹdun, òun náà ló wá jẹ́ akọ̀wé ìjọba Ẹ̀gbá. Ní Sàró, William James Davies di Orishatukeh Faduma ní 1887. Òjíṣẹ́ ìhìnrere ni o, ó sì gbé òrìṣà sórí orúkọ! Ìyẹn wù mí gan-an.

Mo kọ́kọ́ rò pé ẹ̀rù ló ba Johnson. Àmọ́ ẹ̀rù wo? Ẹni tí wọ́n bí ní Sàró ní nǹkan bí 1836, tí àwọn òbí rẹ̀, Ìjẹ̀ṣà àti Ìjẹ̀bú, ti bọ́ lọ́wọ́ oko ẹrú, tó gba oyè àlùfáà, tó dé Èkó ní 1874. Nígbà tí ẹgbẹ́ míṣọ́nnárì CMS fi í ṣe alábòójútó àwọn ìjọ ilẹ̀ Yorùbá, tó fi Abẹ́òkúta ṣe ibùdó, ó dojú kọ àwọn ará ìjọ àti òṣìṣẹ́ ìjọ tó ní ẹrú nílé, bẹ́ẹ̀ ni kò fojúure wo oníyàwó púpọ̀. Ìlú gbóná mọ́ ọn lórí. Kí 1880 tó parí, wọ́n ti gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì padà sí Breadfruit. Láti 1886, ó jókòó ní ìgbìmọ̀ aṣòfin Èkó, ó sì ń bá òwò ọtí Òyìnbó jà. Ní 1893 wọ́n fi oyè bíṣọ́ọ̀bù olùrànlọ́wọ́ lọ̀ ọ́, ó kọ̀ ọ́. Àlùfáà méjì mìíràn, Olúwọlé àti Phillips, ni wọ́n gbà á lọ́dún náà. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò lè máa bẹ̀rù orúkọ tí yóò kọ sórí ìwé.

Ibí ni ìyá mi àgbà ti já ọ̀rọ̀ gbà mọ́ mi lẹ́nu.

Kòsọ́kọ́ ni wọ́n sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bí i, nítorí àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti kú tán kó tó dé. Kòsọ́kọ́ jẹ ọba l'Ékòó, ẹnikẹ́ni kò sì fi ṣẹ̀sín, ṣùgbọ́n fún ọmọdébìnrin tó ń lọ sódò pẹ̀lú ẹgbẹ́ rẹ̀, nǹkan mìíràn ni. Nígbà tó fẹ́ ṣèrìbọmi, ó ti tó ọmọ tó lè dá sọ̀rọ̀. Wọ́n bi í léèrè orúkọ tó fẹ́, ó ní Comfort. Àlùfáà tó rì í bọmi ń jẹ́ orúkọ Yorùbá láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Títí ó fi darúgbó, bí ìbátan kan bá fi àwàdà pè é ní Kòsọ́kọ́, kì í dáhùn. Mo bi í lọ́jọ́ kan pé ṣé kò mọ̀ pé orúkọ ìbílẹ̀ ló sàn jù. Ó wò mí láti òkè délẹ̀, bí ẹni tó ń wo ọmọ tí ìwé ti pọ̀ jù lágbárí rẹ̀. Ó ní, "Ikú ni wọ́n ń fi orúkọ yẹn bẹ̀. Kì í ṣe èmi ni wọ́n ń bá sọ̀rọ̀."

Bó bá jẹ́ Johnson ló dúró nídìí omi lọ́jọ́ náà, ṣé ì bá gbà fún un? N kò rò bẹ́ẹ̀. Ì bá wá orúkọ Yorùbá mìíràn tó dára fún un, ìyá àgbà ì bá sì takú.

Látàrí ọ̀rọ̀ ìyá àgbà yìí ni mo ṣe rí ohun tí mi ò rí tẹ́lẹ̀. Lọ́dọ̀ wa, ta ló ń sọ ara rẹ̀ lórúkọ? Ọjọ́ kẹjọ ni, àwọn àgbà á pé, ìwọ yóò máa sùn ní tìrẹ. Ọba nìkan ló ń yan orúkọ tuntun, òun náà sì ti kú sí ayé àtijọ́ kó tó gun orí ìtẹ́. Agbebí àti Faduma, tí mò ń yìn, ohun tí kò wọ́pọ̀ lọ́wọ́ Yorùbá ni wọ́n ṣe. Johnson tó di orúkọ tí wọ́n bá a níjẹ́ mú, tó sì ń sọ ọmọ ọlọ́mọ lórúkọ ilé, òun gan-an ló ń hùwà àgbà ilé. Ohun tí wọ́n gbé lé e lọ́wọ́, kò jù ú nù. Ohun tó wà níkàáwọ́ rẹ̀ láti fún ẹlòmíràn ló tún ṣe.

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tẹ́ mi lọ́rùn. Ṣùgbọ́n ìwà kan náà ló hù sí ìjọ, ibẹ̀ ni n kò ti lè tẹ̀ lé e mọ́. Ní 1900 ó gba oyè olùrànlọ́wọ́ tó ti kọ̀ tẹ́lẹ̀. Nígbà tó fi Breadfruit sílẹ̀, ìjà dé láàárín ìjọ àti Bíṣọ́ọ̀bù Tugwell, ọ̀gá rẹ̀, lórí ẹni tí yóò rọ́pò rẹ̀ àti bí wọ́n ṣe ṣe sí Johnson fúnra rẹ̀. Ní 1901, J. K. Coker, olóko kòkó kan ní Agége, àti ọ̀pọ̀ ará ìjọ jáde, wọ́n dá ìjọ Bethel sílẹ̀. Ìwàásù Johnson wà nínú ohun tó lé wọn jáde. Ìwọ̀sí tí wọ́n fi kàn án ló tanná ran ìjà náà. Òun kò bá wọn lọ. Ó dúró sábẹ́ Tugwell, ó ṣiṣẹ́ ní agbègbè Niger Delta, ó sì kú ní Bonny ní 1917, olùrànlọ́wọ́ síbẹ̀. Lẹ́yìn ikú Bíṣọ́ọ̀bù Crowther, ọmọ Yorùbá, ní 1891, 1952 ni wọ́n tó tún fi àwọn ọmọ Nàìjíríà jẹ bíṣọ́ọ̀bù tó ní diocese tirẹ̀, Akinyẹlé ní Ìbàdàn wà lára wọn. Ẹni tó bá lè dúró nínú ilé kan kí ilé náà tó yí padà gbọ́dọ̀ ní ẹ̀mí gígùn ju ti èèyàn lọ. Mo lóye ìdí tí Johnson fi jẹ́ James títí ó fi kú. Ti 1901 ni mi ò gbà fún un: èmi ì bá ti bá Coker jáde.